Ẹnu Mi Ló Tú Ìwọ́de Wa Ká

Ẹ̀yin ọ̀rẹ́ mi, ẹ gbọ́ ohun tójú mi rí ní Apákun lọ́sẹ̀ tó kọjá. Oúnjẹ ò wọlé fún mi mọ́.

Láti Òṣòdì dé Òkè-Afá, ta ni kò mọ̀ mí? Mi ò parí pámárì, òótọ́ ni, àmọ́ àwọn lọ́yà gan-an ń fi orin mi sí fóònù wọn! Orin ni mo fi ń jà fún mẹ̀kúnnù. Tí ọlọ́pàá bá kó àwọn ọmọ mẹkáníìkì láìṣẹ̀, èmi ni wọ́n ń pè. Màá kọrin níwájú téṣàn títí wọ́n á fi tú wọn sílẹ̀. Èmi yìí!

Nígbà tí olówó kan ní òun ti ra ilẹ̀ tí ṣọ́ọ̀bù àwọn èèyàn wà, tó sì fẹ́ wó àwọn ṣọ́ọ̀bù náà, Ìyá Tósìn tó ń ránṣọ níbẹ̀ wá bẹ̀ mí. Ó ní kí n ṣáájú wọn. Mo ní kó fọkàn balẹ̀, ta ló tó dúró níwájú orin mi?

Gbogbo wọn jáde, wọ́n dí ẹnu ọ̀nà pa. Mo dá orin, wọ́n ń gbè é. Katakata tí olówó náà gbé wá láti fi wó ṣọ́ọ̀bù ò ríbi gbà wọlé.

Ni olówó bá sọ̀ kalẹ̀ nínú jíìpù, ó ń rẹ́rìn-ín. Ọmọọṣẹ́ rẹ̀ sọ ọ́ sí mi létí: "Àlàbí ni o, ọkọ Wúràọlá."

Ẹ̀yin ará, òde ìnáwó ni mo ti kọ́ṣẹ́. Tí wọ́n bá ti dárúkọ ẹni ńlá fún mi báyìí, ẹnu mi kì í dúró gbàṣẹ! Kí n tó ronú, mo ti ń pariwo: "Àlàbí, ọkọ Wúràọlá! A-wọlé-bí-ọba!"

Ó bẹ̀rẹ̀ sí í jó. Àwọn èèyàn mi ń pàtẹ́wọ́, wọ́n ń gbè mí. Wọ́n yà sẹ́gbẹ̀ẹ́ kó lè ráyè jó dáadáa.

Katakata tẹ̀ lé e wọlé.

Ariwo páànù ló dá orin dúró. Ṣọ́ọ̀bù Ìyá Tósìn ni wọ́n kọ́kọ́ wó, maṣíìnì ẹ̀ wà nínú ẹ̀.

Mo lọ dọ̀bálẹ̀ fún un nílé. Èmi! Mo ti múra sílẹ̀ de èébú. Ó kàn ní kí n dìde nílẹ̀.

"Bọ̀dá, orin yẹn dùn. Èmi náà jó o."



Ohun tí mo rí kọ́ ni pé ohun tó bá ti mọ́ni lára lè sáré ju ọkàn ẹni lọ. Ṣé iṣẹ́ tẹ́ ẹ mọ̀ dunjú ti tì yín ṣe ohun tẹ́ ẹ kórìíra rí? Ẹ sọ ọ́ nísàlẹ̀. Tó bá sì wù yín, ẹ bú mi. Ìyá Tósìn kọ̀, kò bú mi.