Wọ́n Ti Ogun Dé, Wọn Ò Yà Sílé Wa

Ìtàn bàtálíọ̀nù kan ni mo ń wá kiri: àwọn ọmọ ogun ẹlẹ́sẹ̀ tí wọ́n fínnúfíndọ̀ wọṣẹ́ nígbà ogun Bìáfírà. Wọ́n júwe bàbá kan fún mi nítòsí Fájuyì, l'Ádó Èkìtì. Mo bi í léèrè ọ̀nà tí wọ́n tọ̀ àti odò tí wọ́n sọdá. Ó dáhùn díẹ̀, ló bá bi èmi náà:

"Ṣé o ní mọ́tò?"

Mo ní bẹ́ẹ̀ ni.

"Gbé mi lọ sí Ìjàn. Iṣẹ́ kan wà lọ́rùn mi níbẹ̀, n ò sì fẹ́ gbé e kú."

Ojú ọ̀nà ló ti sọ ọ́. Ọ̀rẹ́ mẹ́rin ni wọ́n, kíláàsì kan náà, wọ́n sì jọ wọṣẹ́ ológun láìsọ fún òbí. Kí ogun tó dé, ilé ìyá ọ̀kan nínú wọn ní Ìjàn ni wọ́n ti ń jẹyán ní gbogbo Sátidé. Ọmọ ìyá yẹn nìkan ni ogun pa. Àwọn mẹ́ta yòókù sin ín sábẹ́ igi àgbálùmọ̀ kan létí odò.

"Ta ló fẹ́ sọ fún un?" Bàbá bi mí. "A kì í túfọ̀ ọmọ fún ìyá ọmọ. Àgbà ilé ló yẹ ká lọ bá. Èmi rò pé ẹnì kejì mi ti lọ, òun náà rò pé ẹ̀kẹta ti lọ. Nígbà tó yá, a ò lè gba ojúde ìyá yẹn kọjá mọ́. Bí mo bá rí i l'Ọ́jà Ọba, àárín àwọn ẹlẹ́ja ni mo máa ń sá sí."

Àwọn ọ̀rẹ́ rẹ̀ méjì yẹn ti kú. Ìyá náà ti kú. Àbúrò ọ̀rẹ́ wọn tí ogun pa ló kù nílé, màmá kan tó ti fẹ̀yìn tì lẹ́nu iṣẹ́ tíṣà. Ó ń bẹ iṣu lójúde nígbà tí a dé.

"Ẹ kú ulé o," Bàbá kí i.

Màmá wò ó títí. "Bùrọ̀dá! Ṣé ẹsẹ̀ lẹ fi rìn láti ojú ogun ni, tí ẹ fi ṣẹ̀ṣẹ̀ ń dé?"

Bàbá ò rẹ́rìn-ín. Ó ṣí fìlà. "Ẹ̀gbọ́n rẹ..."

"Ó kú. Yèyé mi mọ̀. Nígbà tí wọ́n ní ẹ ti dé sí Adó, ó gúnyán ní Sátidé. Ẹ ò wá. Sátidé kejì, ó tún gúnyán. Nígbà tí ẹnikẹ́ni ò yà, ó gbé odó wọlé, ó ní, 'Ọmọ mi ti lọ.' Ta ló tún kù tó fẹ́ túfọ̀ fún un?"

"A ò fẹ́ kó sunkún ni."

"Ó sun ún, Bùrọ̀dá. Ó sunkún ẹ̀gbọ́n mi tán. Ẹkún tiyín ni kò sun tán. Ó máa ń ní, 'Ogun pa ọ̀kan fún mi. Ta ló wá pa àwọn mẹ́ta tó kù?'"

Mo pa rẹ́kọ́dà tí mo fi ń gba ìtàn sílẹ̀. Bàbá ṣàlàyé odò náà, igi náà, àti orin ìsìnkú tí ohùn wọn ò gbé dé ìparí. Màmá ń mi orí, ó ń bẹ iṣu rẹ̀ lọ.

Iṣu sísè ló gbé síwájú wa. Ó ní apá òun ò gbé ọmọ odó mọ́. Bàbá mú ègé kan, ó dì í mọ́wọ́ títí ó fi tutù.