Fìlà Níwájú Kántà Ọ́fíìsì Ilẹ̀

Ilé tí a ń lò fún ilé kéwú àwọn ọmọ wa wà níbi tí ìlú Dublin ti ń tán tí oko kábéèjì ti ń bẹ̀rẹ̀, lójú ọ̀nà ìlú Rush. Tí ẹ bá sọ̀ kalẹ̀ nínú bọ́ọ̀sì, òun lẹ máa kọ́kọ́ rí: òkúta dúdú, fèrèsé gígùn, àti ilẹ̀kùn kan tó ga débi pé ẹlẹ́ṣin lè gbà á wọlé láì tẹrí ba. Ọ́fíìsì ilẹ̀ ìjọba ni tẹ́lẹ̀, nígbà tí àwọn Gẹ̀ẹ́sì ṣì ń pàṣẹ níbí. Ẹ má jẹ́ kí ẹnikẹ́ni fi ọ̀rọ̀ ńláńlá bò yín lójú nípa irú ilé bẹ́ẹ̀. Iṣẹ́ rẹ̀ ò ju èyí lọ: ìjọba gba ilẹ̀ lọ́wọ́ onílẹ̀, ó kọ́lé sẹ́nu ààlà, ó fi akọ̀wé kan jókòó síbẹ̀, kí onílẹ̀ lè máa wá tọrọ oko bàbá rẹ̀.

Nígbà tí àwọn Gẹ̀ẹ́sì kó ẹrù wọn lọ, àlùbọ́sà ló gba ilé náà. Lẹ́yìn àlùbọ́sà, àwọn tó ń kọ́ ìjà ẹ̀ṣẹ́ gbà á. Lẹ́yìn wọn, àwa dé. Òórùn àwọn méjèèjì ṣì wà lára ògiri; tí òjò bá rọ̀, ẹ ò ní mọ èwo ló ń kí yín káàbọ̀. Òjò ibí yìí kì í sì í pẹ́ rọ̀.

Káńsù ní a lè máa lò ó lọ́jọ́ Sátidé, bí aládùúgbò bá ti gbà. Aládùúgbò kan ṣoṣo ló wà: màmá arúgbó kan, ọmọ ilẹ̀ Ireland, tí oko rẹ̀ wà lẹ́yìnkùlé. Bí màmá yìí bá kọ̀, àwọn ọmọ á padà sí ilé ìdáná mi ní Ballymun, níbi tí wọ́n ti ń ké kéwú láàárín ìkòkò. Ìyàwó mi sì ti búra pé tí bírò kan bá tún bọ́ sínú ọbẹ̀ òun, èmi lòun máa kó síta.

Màmá ní òun ò ní dáhùn àfi tí òun bá wọlé wò ó. A ní kó máa bọ̀. A fọ fèrèsé, a tẹ́ kápẹ́ẹ̀tì ìkírun láti ẹnu ọ̀nà dé ìdí kántà àtijọ́, èyí tí ẹnikẹ́ni ò rí wú kúrò. Ìyàwó mi din àkàrà.

Màmá dé, pẹ̀lú bàtà òjò tó dé orókún, ẹrẹ̀ lára rẹ̀ bí ẹni tó gbé oko wá kí wa. Àáfà wa, tó ń wa bọ́ọ̀sì láàárín ọ̀sẹ̀, pàdé rẹ̀ lẹ́nu ọ̀nà tẹ̀ríntẹ̀rín.

“Màmá, ẹ káàbọ̀. Ẹ jọ̀ọ́, bàtà.”

“Bàtà ti ṣe?”

“A máa ń bọ́ ọ síbí ni.”

Ojú màmá yí padà. “Lórí òkúta ẹnu ọ̀nà yìí ni bàbá bàbá mi ti ṣí fìlà nínú òjò, kí wọ́n tó pè é wọlé wá sọ fún un pé kò rí ilẹ̀ gbà. Òun ṣí orí. Èmi ò ní ṣí ẹsẹ̀.” Ó kọ ẹ̀yìn sí wa, ó ń lọ.

Mo ti ń rí bírò nínú ọbẹ̀.

“Àáfà!” Ìyàwó mi ké láti ìdí àkàrà. “Ẹ ká kápẹ́ẹ̀tì yẹn!”

“Ká kí ni? Ibi ìkírun mà ni!”

“Kápẹ́ẹ̀tì là ń kírun lé. Pákó abẹ́ rẹ̀ ò tíì gba Ìsìláàmù. Ẹ ká a jàre!”

Àáfà wò mí, mo wo òkè. Ó wo màmá tó ti fẹ́rẹ̀ẹ́ dé géètì. Ó kúnlẹ̀, ó bẹ̀rẹ̀ sí í ká a bí ẹni ń ká ẹní, agbádá rẹ̀ ń gbálẹ̀ tẹ̀lé e. “Màmá! Ẹ padà! Ẹ wọ bàtà yín wọlé!”

Màmá padà. Ó ń já ẹrẹ̀ sílẹ̀ lórí pákó bó ṣe ń lọ. Kò wo àkàrà, kò wo àwọn ọmọ tó tò sẹ́gbẹ̀ẹ́ ògiri.

“Níbo ni akọ̀wé máa ń jókòó?”

A fi ẹ̀yìn kántà hàn án, níbi tí a ń gbé kẹ́tùrù sí. Ó jókòó, ó gbé ọwọ́ méjèèjì lé kántà, ó wò wá títí. Ó wá nàka sí àáfà.

“Ìwọ. Ṣí fìlà.”

Ìyàwó àáfà pàápàá kì í sábà rí orí yẹn lásán. Ó bojú wẹ̀yìn bóyá ẹlòmíràn ni wọ́n ń bá wí. Kò sí. Ó ṣí i. Orí náà ń dán bí àwo tí wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ fọ̀.

“Kí lo wá tọrọ?”

“Ààyè fún àwọn ọmọ wa, Màmá. Ọjọ́ Sátidé nìkan.”

“Mo fún ọ. Dé fìlà rẹ kí òtútù tó mú ọ. Ẹni tó kàn!”

Ẹ gbọ́ o: a ti gba ohun tí a wá gbà. A lè jókòó, ká jẹ àkàrà. Ṣùgbọ́n ìdílé màmá ti ń retí àga yìí láti ayé bàbá bàbá rẹ̀. Ta ni yóò dá a dúró? Àwọn bàbá àwọn ọmọ tò. Dókítà kan ṣí fìlà, ó tọrọ kábéèjì, ó rí i gbà. Ẹnì kan tó ń ṣọ́ kọ̀ǹpútà ilé-iṣẹ́ ńlá kan ní Grange Castle tọrọ ibi tí yóò máa gbé ọkọ̀ sí níwájú géètì màmá.

“Rárá! Ẹni tó kàn!” Ó gbádùn ìyẹn ju gbogbo rẹ̀ lọ.

Nígbà tó kàn mí, mo ṣí fìlà, mo tẹrí ba dáadáa. N kò tíì la ẹnu tó fi ní, “Ìwọ, tíì mi dà?”

Kẹ́tùrù wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ìgúnpá rẹ̀ gan-an. Ṣùgbọ́n ta ló máa sọ ìyẹn fún ìjọba? Mo fi fìlà há abíyá, mo lọ wá ṣúgà.