Iyọ̀ Inú Omi Òdòdó

Mo gbóòórùn omi tí o dà nù nínú ife òdòdó yẹn, ọmọ mi, ọkàn mi bá lọ sí ilé wa ní Orè.

Ọ̀sán Ọjọ́bọ̀ ni. Wọ́n gé òdòdó wá láti ọgbà kátíkíìsì fún ìgbéyàwó ẹ̀gbọ́n mi obìnrin tó ku ọ̀túnla. Ẹ̀gbọ́n mi gé ìdí wọn díẹ̀, ó kì wọ́n sínú jọ́ọ̀gì omi, ó gbé e sẹ́gbẹ̀ẹ́ àmù níbi tó tutù. "Kí wọ́n ṣáà má rọ," ló ń wí.

Èmi náà rò ó. Bí ìyá mi bá fi iyọ̀ pa ẹja lára, kì í rà. Mo tú àkísà tí wọ́n di iyọ̀ sí, mo da gbogbo rẹ̀ sínú omi òdòdó. Àwọn ṣọ́jà dí ọ̀nà nígbà ogun abẹ́lé, iyọ̀ wọ́n bí ojú.

Kó tó di ìrọ̀lẹ́, òdòdó ti doríkodò. Ẹ̀gbọ́n mi bú sẹ́kún. Ìyá mi tọ́ omi náà wò, wọ́n wò mí.

"Alásè, òdòdó lo fẹ́ sè ni?"

Ẹ̀rín pa ẹ̀gbọ́n mi nínú ẹkún. Ìyá mi sẹ́ omi náà sínú ìkòkò ọbẹ̀, wọ́n bu omi tuntun fún òdòdó. "Òdòdó á tún yọ," ni wọ́n wí, "iyọ̀ kì í hù."

Ìgbà tí mo di abilékọ ni mo tó mọ̀ pé iyọ̀ ọbẹ̀ ìgbéyàwó ni wọ́n ń tọ́jú.

Mẹ́ta péré nínú òdòdó náà ló jí padà. Ẹ̀gbọ́n mi fi ọwọ́ kan gbé wọn wọ ṣọ́ọ̀ṣì, ó fi èkejì di ọwọ́ mi mú.