Ẹni Tó Kan Ìṣó Ọgbà Alhaja

Òórùn ẹja gbígbẹ ló máa ń kọ́kọ́ kí ènìyàn káàárọ̀ ní ọ́fíìsì wa ní Peckham, nílùú òyìnbó, nítorí pé òkè ṣọ́ọ̀bù olóúnjẹ la wà, gbogbo ohun tí wọ́n bá sì ṣí nísàlẹ̀ ló ń gba àtẹ̀gùn tóóró yẹn wá bá wa. Akọ̀wé lọ́yà ni mí nígbà náà. Ìwọ náà kúkú mọ̀ mí, n kì í lè jókòó jẹ́ẹ́. Àmọ́ lọ́jọ́ tí mo ń sọ yìí, fífò ni mo fò dìde lórí àga, tíì sì dà sí mi láṣọ.

Ẹjọ́ Alhaja kan ni. Nọ́ọ̀sì tó ti fẹ̀yìn tì ni wọ́n, opó ni wọ́n, Nunhead nítòsí wa sì ni ilé wọn wà. Aládùúgbò tuntun kan ra ilé ẹ̀gbẹ́ wọn, ó ní ọgbà onípákó tó wà láàárín ilé méjèèjì ti wọ ilẹ̀ òun, pé òun á wó o, òun á sì mọ ògiri síbẹ̀. Ilẹ̀ ọ̀hún ò ju ẹsẹ̀ bàtà mẹ́ta lọ ní fífẹ̀, ṣùgbọ́n ibẹ̀ nìkan ni oòrùn ń gbà wọ kíṣìnnì Alhaja. "Bó bá mọ ògiri síwájú fèrèsé mi, ó ti sin mí láàyè nìyẹn," ni wọ́n wí.

Nínú ìwé ẹjọ́ tí a kọ fún kóòtù, a ní olóògbé ọkọ Alhaja ló fọwọ́ ara rẹ̀ ṣe ọgbà náà sórí ààlà àtijọ́, lọ́dún tí wọ́n ra ilé. Alhaja ló sọ bẹ́ẹ̀, wọ́n sì fọwọ́ sí i pé òótọ́ ni. Àbúrò ọkọ wọn, bàbá àgbàlagbà kan tó máa ń ti Bermondsey tẹ̀lé wọn wá, náà á mi orí: "Ẹ̀gbọ́n mi ni wọ́n ṣe é."

Àfi bí mo ṣe ń to àwọn ìwé tí a fẹ́ fi ránṣẹ́ sí lọ́yà kejì, ìyẹn lọ́yà aládùúgbò náà, tí lẹ́tà kan já bọ́ nínú ẹrù ìwé Alhaja. Ìbàdàn ni ọkọ wọn ti kọ ọ́, lọ́dún yẹn gan-an! "Mo gbọ́ pé àbúrò mi ti ṣe ọgbà náà tán. Ó kú iṣẹ́. Mo mọ̀ pé orí òkúta ààlà tí èmi àti aládùúgbò wa jọ fẹnu kò sí ló gbé e lé." Háà! Ibẹ̀ ni mo ti fò dìde. Lẹ́tà kan ṣoṣo ló ba ìwé ẹjọ́ wa jẹ́, òun náà ló sì lè gbà wá. A ò sì lè fi í pamọ́, òfin ibí ò gbà á.

Ọ̀gá mi, lọ́yà, ránṣẹ́ pe Alhaja àti bàbá náà. Bàbá tẹ orí ba. "Èmi ni mo kan ìṣó," ni wọ́n wí, "ṣùgbọ́n ilé ẹ̀gbọ́n mi ni. Ta ló máa dúró nílé ẹ̀gbọ́n rẹ̀ táá máa ní èmi ni mo ṣe é?" Alhaja náà ò fẹ́ bu ọkọ wọn kù; nílé tiwọn, iṣẹ́ tí ẹnikẹ́ni bá ṣe, baálé ló ṣe é. Ẹ̀rín ń pa mí, ẹkún sì ń gbọ̀n mí. Ọ̀wọ̀ la fẹ́ fi pàdánù ilẹ̀!

"Adájọ́ á ní mo purọ́," ni Alhaja wí, omi ti lé sí wọn lójú.

"Ẹ fọkàn balẹ̀, Mọ́mì," ni ọ̀gá mi dáhùn. "A máa tún un ṣe."

Bí wọ́n ṣe ń tún ìwé ẹjọ́ ṣe níbí, a kì í fi ọ̀rọ̀ àkọ́kọ́ pamọ́. Ìlà pupa la fi ń pa á, kí gbogbo ayé ṣì lè rí i kà, a ó wá kọ tuntun síbẹ̀, a ó fa ìlà pupa sábẹ́ rẹ̀. Èmi ni mo pa orúkọ ẹ̀gbọ́n, tí mo kọ ti àbúrò síbẹ̀. Inú mi dùn gan-an. Lọ́yà kejì kọ̀, ó ní ọ̀rọ̀ la kàn ń yí, ló bá di iwájú adájọ́. Adájọ́ náà, obìnrin kan, ka lẹ́tà, ó bi bàbá pé kí ló dé tí wọn ò sọ tẹ́lẹ̀.

"Ẹ̀gbọ́n mi ni wọ́n," ni bàbá wí. Kò ju bẹ́ẹ̀ lọ.

Adájọ́ rẹ́rìn-ín díẹ̀, ó sì fún wa láyè láti tún ìwé náà ṣe. Nígbà tí àwọn awọnlẹ̀ gbẹ́ ìdí ọgbà wò, òkúta ààlà wà níbẹ̀ rèǹtè-rente. Aládùúgbò jánu, ṣùgbọ́n ọgbà dúró síbi tó wà. Èmi? Mo pariwo títí ará òdìkejì fi yọjú lójú fèrèsé!

Bàbá ní kí n fún àwọn ní ẹ̀dà ojú ìwé tó ní ìlà pupa náà. Wọ́n fìka tọ orúkọ ara wọn. "Ṣé ẹ̀gbọ́n ò ní bínú báyìí?"

"Ẹ̀gbọ́n yín ló kọ́kọ́ kọ ọ́ sínú lẹ́tà," ni Alhaja dá wọn lóhùn.

Bàbá bú sẹ́kún. Láti ọjọ́ náà, bí ẹnikẹ́ni bá jókòó síwájú mi tó ní ẹ̀gbọ́n òun ló ṣe nǹkan, mo máa ń rọra bi í pé ta ló di òòlù mú. Ọ̀wọ̀ dáa o, ṣùgbọ́n ẹni tí à ń bọ̀wọ̀ fún gan-an lè ti fẹ́ kí ayé mọ ẹni tó kan ìṣó.