Iṣẹ́ tí wọ́n rán mi sí Àṣàkẹ́

Iṣẹ́ tí a bá rán ni là ń jẹ́, ṣùgbọ́n èmi ò lè jẹ́ èyí tí wọ́n rán mi lónìí.

Ẹ̀gbọ́n mi obìnrin ní Yopougon ló ní kí n bá ọmọ òun, Àṣàkẹ́, sọ̀rọ̀, kó fi iṣẹ́ rẹ̀ ní ilé ìwádìí ìmọ̀ òfuurufú ní Cocody sílẹ̀, kó gba iṣẹ́ báǹkì.

Mo débẹ̀, ọmọ náà kúnlẹ̀ kí mi ní Tonton, bí wọ́n ṣe ń pe àbúrò ìyá ẹni níbẹ̀, ó mú mi dé iwájú àpótí dúdú kan tó ń dún tó, tó.

"Tonton, ẹ gbọ́wọ́ lé e."

"Kí ló ń dún?"

"Ohun tíntìntín tó ti ojú ọ̀run wá ni. Ó ti gba àtẹ́lẹwọ́ yín kọjá. Bóyá ìràwọ̀ kan tó ti kú ló rán an."

Mo ṣí fìlà. Àlejò ọ̀nà jíjìn kò gbọdọ̀ kọjá láìgba ìkíni. Bó bá ti dún, màá ní: "Ẹ kú ìrìn o!"

Àṣàkẹ́ rẹ́rìn-ín. "Tonton, ẹ ò lè kí wọn tán! Màmá ló rán yín, àbí?"

Mo lanu láti jẹ́ iṣẹ́ náà, oríkì rẹ̀ ló jáde: "Àṣàkẹ́, ìwọ tí ọ̀run ń ránṣẹ́ sí, ọmọ mi, má kúrò níbi iṣẹ́ yìí."

Ẹ̀yin ọlọ́gbọ́n, ìyá rẹ̀ ti ń pè mí lórí fóònù. Kí ni kí n wí?