Ẹsẹ̀ Ràṣídì àti Adìẹ Bàbá Ọdẹ́dá

Lọ́sẹ̀ tó kọjá, ọmọ ọmọ mi ti pápá bọ́ọ̀lù dé, ó ń tiro. Ìyá rẹ̀ jókòó tì í lẹ́yìnkùlé, ó ń fi òrí tó po káńfọ̀ mọ́ ra á lọ́rùn ẹsẹ̀. Èmi wà ní yàrá, mò ń wá awò ojú mi. Bí òórùn yẹn ṣe gba ojú fèrèsé wọlé, mo gbàgbé ohun tí mò ń wá. Mo jókòó sí etí bẹ́ẹ̀dì, omi bọ́ lójú mi. Wọ́n bi mí pé kí ló dé, mo ní káńfọ̀ ló ta mí lójú. Irọ́ ni. Ràṣídì ni mo rántí.

Ẹ̀yin ọmọ ìwòyí, ẹ mọ̀ ọ́n. Bàbá tó ń tiro yẹn ni, tó máa ń jókòó sórí àga onírọ́bà létí pápá, tí fèrè wà lọ́rùn rẹ̀, tí gbogbo yín ń pè ní Kóòṣì. Ó dà bíi pé ẹ rò pé bí wọ́n ṣe bí i nìyẹn, pẹ̀lú ewú lórí àti ọ̀pá lọ́wọ́. Ẹ jẹ́ kí n sọ fún yín.

Agbo ilé kan náà la ti dàgbà ní Kémta. Ìyá rẹ̀, Ìyá Aláṣọ, ń ta àdìrẹ ní Ìtòkú, ọwọ́ wọn kì í sì í funfun nítorí aró. Bí a bá ti kírun ìrọ̀lẹ́ tán, àárín agbo ilé di pápá ìṣeré nìyẹn. Àkísà la fi ń ṣe bọ́ọ̀lù, ìgbà mìíràn ọsàn tútù ni. Èmi ni wọ́n máa ń fi ṣe aṣọ́lé, kì í ṣe pé mo mọ bọ́ọ̀lù mú o, wọ́n ní mo sanra, mo dí ojú ilé. Ràṣídì nìkan ló máa ń rí ọ̀nà gbà lára mi. Ọmọ tín-ń-rín bẹ́ẹ̀, ẹsẹ̀ bí igi ìṣáná, ṣùgbọ́n bí bọ́ọ̀lù bá ti kàn án lẹ́sẹ̀, ẹ ò ní rí ibi tó gbà mọ́.

Nígbà tó jáde ìwé, ẹgbẹ́ agbábọ́ọ̀lù kan nílùú gbà á síṣẹ́. Apá ọ̀tún ló ń gbá. Ìjì ni wọ́n sọ ọ́, àwọn èèyàn sì ń wọkọ̀ láti Wásinmi àti Ọ̀fàdà wá wo Ìjì. Ìyá Aláṣọ ní àwọn ò fẹ́ ọ̀rọ̀ bọ́ọ̀lù létí, ọjà ni kí ọmọ àwọn máa tà. Ṣùgbọ́n lọ́jọ́ tí Ràṣídì bá fẹ́ gbá bọ́ọ̀lù, wọ́n máa ń tètè palẹ̀ aṣọ mọ́. Ẹ̀yìn ògiri pápá ni wọ́n máa ń dúró sí, wọ́n á ní àwọn kàn ń kọjá lọ ni. Gbogbo wa mọ̀.

Lẹ́yìn náà ni ẹgbẹ́ ńlá kan ní Ìbàdàn ránṣẹ́ sí i. Ohun tí gbogbo agbábọ́ọ̀lù ìgbà yẹn ń wá nìyẹn, torí ibẹ̀ ni wọ́n ti ń mú àwọn tó ń gbá fún orílẹ̀-èdè. Inú oṣù yẹn gan-an, nínú ìdíje kan, ẹnìkan gbá a lójúgun. A gbọ́ ìró eegun náà bí ìgbà tí èèyàn ṣẹ́ igi ìdáná. Àwọn ará Ìbàdàn ní àwọn á dúró dè é títí eré ọdún tuntun á fi bẹ̀rẹ̀. Tí kò bá ti dé nígbà yẹn, àwọn á mú ẹlòmíràn.

Ẹ̀rù ilé ìwòsàn ń bà wá nígbà náà, a rò pé wọ́n á gé ẹsẹ̀ náà ni. Abúlé kan lọ́nà Ọdẹ́dá ni wọ́n gbé e lọ, sọ́dọ̀ bàbá àgbẹ̀ kan tó máa ń to eegun. Ẹ lè má mọ bí wọ́n ṣe ń ṣe é. Bàbá náà mú àgbébọ̀ pupa kan, wọ́n ṣẹ́ ẹsẹ̀ rẹ̀ níbi tí ti Ràṣídì gbé ṣẹ́. Ewé kan náà, òrí àti káńfọ̀ kan náà, ọparun kan náà ni wọ́n fi di ẹsẹ̀ ọmọ àti ẹsẹ̀ adìẹ. Wọ́n ní ọjọ́ tí adìẹ bá dìde tó rìn, ẹsẹ̀ ọmọ ti jinná nìyẹn. Kó tó dìgbà yẹn, kò gbọdọ̀ fẹsẹ̀ tẹlẹ̀. Ẹ má fi rẹ́rìn-ín o. Mo mọ èèyàn púpọ̀ nílẹ̀ Ẹ̀gbá tó fi ẹsẹ̀ tí bàbá yẹn tò rìn títí dọjọ́ ikú, tí ẹsẹ̀ wọn tọ́ ju tèmi lọ.

Nígbà tó yá, wọ́n gbé ọmọ àti adìẹ wálé, kí bàbá máa wá wò wọ́n. Wọ́n so adìẹ náà mọ́ ẹsẹ̀ àga Ràṣídì ní ọ̀dẹ̀dẹ̀. Arọ méjì, wọ́n ń wo ara wọn láti àárọ̀ ṣúlẹ̀. A ní ìyàwó tó máa fẹ́ nìyẹn. Kò bá wa rẹ́rìn-ín. Ọkàn rẹ̀ ti wà ní Ìbàdàn.

Ọyẹ́ mú lọ́dún náà, lúkúlúkú, àrùn tó ń pa adìẹ, bọ́ sáàárín adìẹ àdúgbò. Ní àsùbáà ọjọ́ kan, Ìyá Aláṣọ jáde láti ṣe àlùwàlá, wọ́n bá adìẹ náà, ó ti gan. Lójú tiwọn, bí adìẹ bá kú, ẹsẹ̀ ọmọ ti bàjẹ́ nìyẹn, bóyá ọmọ náà pàápàá fẹ́ bá a lọ. Abiyamọ kì í gbọ́ ẹkún ọmọ rẹ̀ kó má tatí wéré. Wọn ò jí ẹnikẹ́ni. Wọ́n lọ bá obìnrin kan tó ń sin adìẹ ní agbo ilé kejì, wọ́n ra àgbébọ̀ pupa míì, wọ́n tú ọparun lẹ́sẹ̀ òkú, wọ́n dì í mọ́ ẹsẹ̀ alààyè. Wọn ò ṣẹ́ ẹsẹ̀ eléyìí. Ta ló máa gbọ́kàn ṣẹ́ ẹsẹ̀ adìẹ tí kò ṣẹ èèyàn?

Nígbà tí bàbá Ọdẹ́dá dé, wọ́n bá adìẹ tó ń fa okùn. Wọ́n tú u, ó sá yí agbo ilé ká. Bàbá ní, "Ẹ̀jẹ̀ ọmọ yìí dára. Mi ò rí irú rẹ̀ rí." Wọ́n tẹ Ràṣídì lójúgun, wọ́n ní ṣé ó ń dùn ún. Ó ní rárá. Wọ́n tú ọparun lẹ́sẹ̀ tiẹ̀ náà, ó sì gba Ìbàdàn lọ.

Ìdíje àkọ́kọ́ ni. Àwọn tó wà níbẹ̀ ní ó sáré gba apá ọ̀tún bó ṣe máa ń ṣe, kò sẹ́ni tó fọwọ́ kàn án, ó kàn ṣubú. Ibi kan náà ló tún ṣẹ́. Wọ́n fi irin sí i ní ilé ìwòsàn, ṣùgbọ́n ẹsẹ̀ náà kúrú, bọ́ọ̀lù sì parí.

Lọ́jọ́ tí wọ́n gbé e wálé, Ìyá Aláṣọ kúnlẹ̀ sínú eruku lójú gbogbo wa, ìyá ń kúnlẹ̀ fún ọmọ. Ẹnu wọn la ti gbọ́ gbogbo ọ̀rọ̀ adìẹ kejì tí mo sọ yìí. Wọ́n ní, "Èmi ni mo ba ayé ẹ jẹ́. Adìẹ yẹn kọ́ ni adìẹ rẹ." Ràṣídì ní, "Ẹ dìde, ìyá mi. Mo ti mọ̀ nígbà náà pé òun kọ́." Àwa tí a dúró ń sunkún. A ní irú ọmọ wo nìyí, tó ń fi irọ́ tu ìyá rẹ̀ nínú.

Ó pẹ́ kó tó tún lè dé pápá. Ọ̀gá iléèwé kan ló bẹ̀ ẹ́ títí kó tó gba fèrè. Ibẹ̀ ló gbà wọ iṣẹ́ kóòṣì, ó sì mọ̀ ọ́n ṣe. Àwọn ọmọ tó kọ́ gbá bọ́ọ̀lù l'Ékòó, àwọn kan gbá a dé òkè òkun. Ẹgbẹ́ ńlá gba òun náà síṣẹ́, ṣùgbọ́n kò pẹ́ níbẹ̀. Àṣekágbá ni, alága ẹgbẹ́ ní dandan ni kí atamátàsé wọn tó fi ẹsẹ̀ pa ṣeré, ọmọ náà fúnra rẹ̀ ń bẹ̀bẹ̀ pé kò sí nǹkan tó ń ṣe òun. Ràṣídì mú un jókòó. Wọ́n fìdí rẹmi, wọ́n lé kóòṣì. Ó di ẹrù rẹ̀, ó padà sídìí àwọn ọmọ iléèwé. Mo ní kí ló dé tó fi ya olórí kunkun báyẹn, ó fọn fèrè, ó ní káwọn ọmọ sáré yí pápá ká.

Ìyá Aláṣọ dàgbà, wọ́n lọ sí Mẹ́kà, wọ́n rí ọmọ ọmọ. Síbẹ̀, bí wọ́n bá gbọ́ tí Ràṣídì ń wọ́ ẹsẹ̀ bọ̀, ojú wọn á yí padà. Wọn ò jẹ adìẹ mọ́ títí wọ́n fi kú. Lórí àìsàn ìkẹyìn, wọ́n tún tọrọ ìdáríjì, ó tún ní òun mọ̀ nígbà náà. Wọ́n ní, "Ọlọ́run á bù kún ọ, ọmọ mi. O ò fẹ́ kí n fẹkún lọ."

Lọ́jọ́ fídáù wọn, nígbà táwọn ààfáà ti lọ, èmi àti Ràṣídì nìkan la kù lábẹ́ ìbòòji. Ó ní, "Adìẹ àkọ́kọ́, ìka ẹsẹ̀ rẹ̀ kan ti gé. Ti èkejì pé. Láàárọ̀ ọjọ́ tí ìyá mi pààrọ̀ wọn ni mo ti rí i. Ẹsẹ̀ náà sì ń ta mí bí iná nígbà tí bàbá Ọdẹ́dá tẹ̀ ẹ́. Ìbàdàn ni mo fẹ́ lọ."

Mo ní, "O ò wá sọ fún Ìyá?"

Ó ní, "Mo sọ ọ́ títí ó fi sú mi. Ìwọ náà wà níbẹ̀. Ṣé ìwọ gbà á gbọ́?"

Mo dìde, mo ń ká ẹní.

Ayé ti yí. Ilé ìwòsàn la ń gbé ọmọ lọ báyìí, wọ́n á ya fọ́tò eegun kí ilẹ̀ tó ṣú. Àwọn ọmọ bàbá Ọdẹ́dá ti gbájú mọ́ oko wọn. Ṣùgbọ́n ọmọ tó fẹ́ gbá bọ́ọ̀lù ṣì máa ń purọ́ ẹsẹ̀, ìdí nìyẹn tí Kóòṣì kì í fi í bi yín bóyá ó ń dùn yín. Á tẹ̀ ẹ́ fúnra rẹ̀, á máa wo ojú yín. Ẹ má bínú sí i.

Ìyá Aláṣọ ló ń dùn mí jù. Òótọ́ ni ọmọ wọn ń sọ fún wọn ní gbogbo ọdún yẹn, ìfẹ́ ọmọ ni kò jẹ́ kí wọ́n gbà á gbọ́. Wọ́n gbé ẹrù náà wọ sàréè, kò sì sí bí a ṣe lè bá wọn sọ̀ ọ́ kalẹ̀ mọ́.