Pèpéle Inú Ọ̀dẹ̀dẹ̀

Ìró pèpéle yẹn ni mo kọ́kọ́ ń rántí, kí n tó rántí ojú ẹnikẹ́ni. Bí ènìyàn bá fi ìka kan ògiri ilé alámọ̀, ìró náà kì í jìnnà, ògiri á gbé e mì. Bó bá jẹ́ bíríkì ni, á dáhùn kíákíá. Ṣùgbọ́n pèpéle onísìmẹ́ńtì tó wà nínú ọ̀dẹ̀dẹ̀ ilé kẹta kò ṣe bẹ́ẹ̀. Nígbà tí mo lóṣòó tì í tí mo fi ìdí téèpù tí mo fi ń wọn nǹkan kàn án, ìró náà lọ sísàlẹ̀, ó sì pẹ́ díẹ̀ kó tó kú. Mo kàn án lẹ́ẹ̀mẹta kó lè dá mi lójú, mo sì kọ ọ́ sínú ìwé.

Nígbà náà, mo ṣẹ̀ṣẹ̀ parí iṣẹ́ àgùnbánirọ̀. Ẹ̀kọ́ ilẹ̀ wíwọ̀n ni mo kà ní yunifásítì, ṣùgbọ́n kò sẹ́ni tó ní kí n wá wọn ilẹ̀ kankan, mo sì ń gbé lọ́dọ̀ ẹ̀gbọ́n mi obìnrin ní Okokomaiko, nínú yàrá kan tí a fi kọ́tìnnì pín sí méjì. Olùkọ́ ìtàn kan tó ti fẹ̀yìn tì, tó ń gbé ní Ìbà, ló fún mi níṣẹ́. Mádàámú ni gbogbo ènìyàn ń pè é. Láràárọ̀ Sátidé, ó máa ń kó àwọn àlejò jọ, akẹ́kọ̀ọ́ ló pọ̀ jù nínú wọn, á sì mú wọn fẹsẹ̀ rìn la àárín ìlú Ọ̀jọ́ àtijọ́ kọjá títí dé etí omi, kí wọ́n lè rí àwọn ilé àtijọ́ tó kù. "Àwọn èèyàn ń lọ ra fíríìjì ní Àlàbá," ó máa ń sọ, "wọ́n ń lọ gbàwé ẹ̀rí ní yunifásítì, wọn ò mọ̀ pé ìlú kan wà láàárín méjèèjì." Orúnkún ti wá ń dùn ún, ó sì nílò ẹni tí yóò máa ṣáájú àwọn àlejò.

Ilé mẹ́rin ni a máa ń dúró níwájú rẹ̀. Mádàámú fún mi ní ìwé tó kọ ohun tí mo gbọ́dọ̀ sọ ní ọ̀kọ̀ọ̀kan sí. Mo gbé ìwé náà délé, mo sì kọ ọ̀kan nínú gbólóhùn mẹ́ta sí ẹ̀gbẹ́ gbogbo ọ̀rọ̀ inú rẹ̀: "Mo rí i," "Wọ́n sọ ọ́," tàbí "N kò mọ̀." Pé ilé kejì ní òdòdó onísìmẹ́ńtì lókè ẹnu ọ̀nà, mo rí i. Pé bíríkìlà Àgùdà kan ló ṣe é, wọ́n sọ ọ́. Pé òun ni ilé pẹ̀tẹ́ẹ̀sì àkọ́kọ́ ní gbogbo agbègbè náà, n kò mọ̀, mo sì sọ fún Mádàámú pé n kò ní máa sọ ọ́. Ó wò mí títí. "Ìwọ ọmọ yìí, tí wọ́n bá sọ fún ẹ pé ìyá ẹ ló bí ẹ, wàá ní kí wọ́n mú ìwé wá." Mo dá a lóhùn pé ìwé ìbí mi wà nílé. N kò ṣàwàdà o. Bí mo ṣe rí nìyẹn.

Ilé kẹta ni àwọn àlejò máa ń fẹ́ràn jù. Pẹ̀tẹ́ẹ̀sì ni, fèrèsé rẹ̀ jẹ́ onígi, páànù orí rẹ̀ ti pupa bí epo. Màmá àgbàlagbà kan ló ń dá gbé inú rẹ̀. Ó kúrú, ohùn rẹ̀ sì ju ara rẹ̀ lọ. Orí àga onírọ́bà lẹ́gbẹ̀ẹ́ pèpéle náà ló máa ń jókòó sí, á sì máa pàṣẹ fún gbogbo ẹni tó bá wọlé: "Ẹ bọ́ bàtà yín o! Bàbá àgbà mi ń sùn." Bàbá bàbá rẹ̀ ló kọ́ ilé náà, abẹ́ pèpéle yẹn ni wọ́n sì sin ín sí, gẹ́gẹ́ bí ìyá rẹ̀ ṣe sọ fún un. Nínú gbogbo ẹbí náà, kò sí ẹni tó ṣẹ́ kù láyé tó rí ìsìnkú náà.

Kò pẹ́ tí mo fi mọ̀ pé pèpéle yìí ló di ilé náà mú, ju òpó rẹ̀ lọ. Màmá ní àbúrò ọkùnrin kan tó ń gbé ní Ìjànìkín. Ó ti pẹ́ tí àbúrò yìí ti fẹ́ kí wọ́n ta ilé náà fún oníṣòwò kan láti Àlàbá, tí yóò wó o, tí yóò sì fi ilẹ̀ rẹ̀ kọ́ ilé ìkẹ́rùsí. Kì í ṣe ènìyàn burúkú. Òjò ń wọ inú yàrá méjì lókè, òun ló sì ń gun òrùlé lọ lọ́dọọdún láti dí i. Ó ti ṣe yàrá kan sílẹ̀ fún ẹ̀gbọ́n rẹ̀ nínú ilé tirẹ̀. Màmá ní òun kò lọ. Ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo ló sì fi ń borí ní gbogbo ìpàdé ẹbí: ta ló ń ta ibojì baba rẹ̀? Ẹni tó fẹ́ rà á pàápàá kò fẹ́ ra òkú olókùú mọ́ ilẹ̀.

Èmi ní tèmi, ohun tí mo rí ni mo ń rò. Nígbà tí Màmá wọlé lọ bu omi fún àwọn àlejò lọ́jọ́ kan, mo wọn pèpéle náà. Gígùn rẹ̀ lé díẹ̀ ní ẹsẹ̀ bàtà mẹ́rin, àgbàlagbà kò lè nà tán síbẹ̀. Lókè rẹ̀ lára ògiri, mo rí ojú ihò kan tí wọ́n ti dí pa, níbi tí gọ́tà lè ti máa da omi òjò wọlé nígbà kan. Mo kàn án, ó dún bí ohun tí inú rẹ̀ ṣófo. Lọ́sẹ̀ tó tẹ̀ lé e, mo bá gàárì tí Màmá sá sórí rẹ̀. Mo bi í bóyá èèyàn lè sá gàárì sórí ibojì. "Bàbá mi mà ni," ó dáhùn. "Ta ló tún yẹ kó bá mi ṣọ́ gàárì?" Mo kọ ìyẹn náà sílẹ̀. Mo kọ ọ́ sí abẹ́ àwọn ẹ̀rí, bí ẹni pé agbẹjọ́rò ni mí.

Ká ní mo dákẹ́ síbẹ̀ ni. Ṣùgbọ́n ní Sátidé kan, nígbà tí a jáde kúrò ní ilé kẹta tí a dúró sábẹ́ igi lódìkejì, akẹ́kọ̀ọ́ ọkùnrin kan ní, "Àǹtí, ẹ̀yin tẹ́ ẹ máa ń sọ pé 'wọ́n sọ ọ́, wọ́n sọ ọ́,' ibojì yẹn ńkọ́? Ṣé òótọ́ ni?" Àwọn yòókù rẹ́rìn-ín. Mo fi bíírò sẹ́yìn etí, mo ka ẹ̀rí mi fún wọn lọ́kọ̀ọ̀kan, bí ẹni tó ń ka ìròyìn lórí rédíò, mo sì fi gbólóhùn kan dé e lórí: "Kòtò omi òjò ni wọ́n bo mọ́lẹ̀ níbẹ̀. Kò sí òkú kankan." Wọ́n pàtẹ́wọ́. Kò sẹ́ni tó pàtẹ́wọ́ fún mi rí láti ọjọ́ tí mo ti bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ náà, mo sì gbádùn rẹ̀. N kò rí i pé ọ̀kan nínú wọn gbé fóònù sókè.

Fídíò náà ń ti orí fóònù kan bọ́ sórí òmíràn títí ó fi dé Ìjànìkín. Lọ́jọ́ Jímọ̀, Mádàámú pè mí. Ẹbí fẹ́ ṣèpàdé lọ́jọ́ Àìkú, wọ́n ní kí akọ̀wé tó ní kò sí òkú wá sọ tẹnu rẹ̀. Kò bá mi jà. Ohun tó sọ kò ju èyí lọ: "Gbogbo aṣọ kọ́ là ń sá sóòrùn. Mo rò pé wọ́n ti sọ ìyẹn fún ẹ nílé."

Nígbà tí mo dé ibẹ̀ lọ́jọ́ Àìkú, bíríkìlà kan jókòó sẹ́nu ọ̀nà, ó ń jẹ búrẹ́dì, dígà rẹ̀ wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀. Nínú ọ̀dẹ̀dẹ̀, àwọn ènìyàn bíi mẹ́wàá ti fi àga yí pèpéle ká. Màmá wà ní ibi tó máa ń wà. Ó kí mi. Àbúrò rẹ̀ gbé fóònù rẹ̀ sókè kí gbogbo wọn lè gbọ́. Mo gbọ́ ohùn ara mi. Ó dá mi lójú pé ẹni tó ń sọ̀rọ̀ nínú fóònù yẹn mọ nǹkan tí èmi kò mọ̀.

Olórí ẹbí, bàbá arúgbó kan tó gbé ọ̀pá lé itan, kọjú sí mi. "Akọ̀wé, ṣé ìwọ ló ń sọ̀rọ̀ yẹn?"

"Èmi ni, sà."

"Nígbà tí wọ́n da sìmẹ́ńtì yìí, ṣé wọ́n ti bí ẹ?"

Wọ́n rẹ́rìn-ín. Mo ní rárá.

"O wá rí abẹ́ ẹ̀?"

"Rárá, sà. Gígùn ẹ̀ ni mo wọ̀n. Mo sì kàn án, ó ń dún bíi pé inú ẹ̀ ṣófo."

"Tó o bá kan àyà tèmi pàápàá, bẹ́ẹ̀ ló máa dún."

Ẹ̀rín náà pọ̀ ju ti àkọ́kọ́ lọ, ṣùgbọ́n àbúrò Màmá kò rẹ́rìn-ín. "Bàbá, kì í ṣe ọ̀rọ̀ ẹ̀rín," ó ní. "Ẹ jẹ́ ká fọ́ ọ, ká rí i. Bí òjò bá wó ilé yìí lé ẹ̀gbọ́n mi lórí, ta la máa bi?"

"Kò burú," ni olórí ẹbí wí. "Tá a bá fọ́ ọ, tá a wá bá bàbá níbẹ̀ ńkọ́? Ta ló máa bẹ̀ wọ́n, ṣé bíríkìlà ni àbí akọ̀wé?" Ó tún kọjú sí mi. "Mi ò bi ẹ́ ní ohun tó o rò o. Ohun tó o mọ̀ ni mò ń bi ẹ́. Ṣé òkú wà níbí, àbí kò sí?"

Ìwé mi wà nínú báàgì. Mo rántí pé mo ti wo ojú ìwé ilé kẹta lálẹ́ àná, mo sì rí i pé ní ẹ̀gbẹ́ ọ̀rọ̀ ibojì náà, n kò kọ èyíkéyìí nínú gbólóhùn mẹ́ta tí mo fi ń yọ gbogbo ènìyàn lẹ́nu. "Kòtò omi" ni mo kọ síbẹ̀, mo sì fa ìlà sí i nídìí lẹ́ẹ̀mejì. Nínú ọkàn mi, mo ṣì gbà pé kòtò omi ni. Mo gbà bẹ́ẹ̀ títí dòní. Ṣùgbọ́n ohun tí bàbá náà bèèrè kọ́ nìyẹn.

"N kò mọ̀, sà," ni mo wí.

"Ẹ gbọ́ o," olórí ẹbí ní. "Kò mọ̀. Èmi náà ò mọ̀. A kì í fi 'ó jọ bẹ́ẹ̀' hú òkú." Ó fi ọ̀pá kanlẹ̀, ó dìde, wọ́n sì ní kí bíríkìlà máa lọ. Àbúrò Màmá wò mí bí ẹni tí mo pè jáde tí mo sì fi sílẹ̀ nínú òjò. N kò lè dá a lẹ́bi.

Mo ti bi ara mi lọ́pọ̀ ìgbà bóyá òdodo ló mú mi sọ bẹ́ẹ̀, àbí àánú Màmá ló ṣe mí tí mo wá rí òdodo fi bò ó. Bí mo ṣe ń wọ̀n ọ́n tó, n kò rí èyí tó wúwo jù.

Nígbà tí gbogbo wọn lọ tán, Màmá ní kí n jókòó. "Ẹsẹ̀ mélòó lo ní ó jẹ́?" Mo sọ fún un. Ó mi orí. "Wọ́n ní bàbá àgbà mi ga, orí wọn fẹ́rẹ̀ẹ́ kan àtẹ́rígbà yìí." Mo dúró kó parí ọ̀rọ̀ náà, kò parí rẹ̀. Ó wo ẹsẹ̀ ara rẹ̀ nílẹ̀. "Èmi ò ga. Tó bá dọjọ́ mi, ẹ̀gbẹ́ wọn níbí ni kí wọ́n tẹ́ mi sí. Ìwọ akọ̀wé ni kó o wá wọ̀n ọ́n o, torí àwọn agbẹ́lẹ̀ yìí ò lójú. Mi ò fẹ́ kí wọ́n ká mi lẹ́sẹ̀ kò." Ó rẹ́rìn-ín, ó sì ní kí n bá òun kó gàárì wọlé.

Mo ti ríṣẹ́ ní ọ́fíìsì àwọn awọnlẹ̀ kan kí ọjọ́ náà tó dé. Àbúrò rẹ̀ fúnra rẹ̀ ló pè mí láàárọ̀ kùtù. Ó ní aládùúgbò tó wá jí ẹ̀gbọ́n òun fún àdúrà àárọ̀ bá a pé ó ti papò dà, ìwé àṣẹ láti sin ín sínú ilé ti wà nílẹ̀, àwọn àlùfáà sì ti ń bọ̀. "Ó ní ìwọ ni kó o wọ̀n ọ́n," ni ó wí. Mo gbé téèpù. Nígbà tí mo dé ọ̀dẹ̀dẹ̀ náà, àbúrò Màmá ti bọ́ bàtà rẹ̀ sẹ́nu ọ̀nà, èmi náà bọ́ tèmi. Ó kúnlẹ̀, ó di orí téèpù mú, mo fà á dé ibi tó yẹ kó dé, mo sì fi ẹfun sàmì síbẹ̀. Àwọn agbẹ́lẹ̀ gbẹ́ ẹ lẹ́gbẹ̀ẹ́ pèpéle, wọn kò fọwọ́ kan pèpéle fúnra rẹ̀. Nígbà tí ilẹ̀ gbẹ tán, sìmẹ́ńtì kan náà ni wọ́n fi bo àtijọ́ àti tuntun pọ̀.

Ọmọbìnrin mìíràn ló ń mú àwọn àlejò káàkiri báyìí. Ilé náà ṣì wà nídúró, àbúrò Màmá sì ti pààrọ̀ páànù orí rẹ̀. Láìpẹ́ yìí, Mádàámú ní kí n kó ìwé mi wá kí ọmọ náà lè fi kọ́ iṣẹ́. Kí n tó fi lé e lọ́wọ́, mo ṣí ojú ìwé ilé kẹta. Mo fagi lé "Kòtò omi" àti ìlà méjèèjì tó wà nídìí rẹ̀. Ní ẹ̀gbẹ́ ọ̀rọ̀ tó sọ pé ibojì wà nínú ọ̀dẹ̀dẹ̀, mo kọ ọ́ pé: "Mo rí i."